Àbúrò mi fẹ́ lọ gbé ní Saint-Denis lẹ́bàá Párís, irú ìlú wo ni?

Àbẹ̀kẹ́_Mọ́kọ́lá

Ẹ kú iṣẹ́ o ẹ̀yin ará ilé. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà ní ilẹ̀ Faransé, ọ̀rọ̀ kan wà tó ń jẹ mí lọ́kàn. Àbúrò mi ọkùnrin ti rí àyè wọ yunifásítì Paris 8, iléèwé yẹn ò sì sí nínú Párís gan-an, ìlú kan tí wọ́n ń pè ní Saint-Denis ló wà, òun náà wá ní òun fẹ́ wá yàrá sí ìtòsí ibẹ̀ kí òun má baà máa ná gbogbo owó òun sórí ọkọ̀. Bí a ṣe sọ fún ọ̀rẹ́ bàbá wa kan tó ti gbé Párís rí, ó figbe ta, ó ní ká má jẹ̀ẹ́ kó débẹ̀, ó ní ìlú àwọn jàǹdùkú ni. Màámi ò sùn dáadáa látìgbà yẹn.

Èmi ní tèmi, ohun tí mo mọ̀ nípa Saint-Denis ò ju pápá bọ́ọ̀lù Stade de France yẹn lọ, ibi tí Faransé ti na Brazil 3-0 ní 1998, tí Zidane fi orí gbá méjì wọlé. Mi ò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni bá mi pọ́n ìlú náà, mi ò sì fẹ́ kí wọ́n dẹ́rù bà mí. Ẹ ṣáà sọ bó ṣe rí. Báwo ni ìlú náà ṣe dé bó ṣe wà yìí, àwọn wo ló ń gbé ibẹ̀, ṣé wọ́n ń rí oúnjẹ wa rà, ṣé ọmọ tó bá ń ti láíbìrì bọ̀ lálẹ́ lè fẹsẹ̀ rìn délé? Ẹ ṣeun o, Ọlọ́run á máa ṣọ́ gbogbo yín níbẹ̀.

ỌmọKétu_93

Àǹtí Àbẹ̀kẹ́, ẹ kú àníyàn o, ẹ sì bá wa kí Màámi. Saint-Denis ni mo ń gbé, ọmọ Kétu ní ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀ ni wá, bàbá mi ló kọ́kọ́ wá síbí wá ṣiṣẹ́ kó tó kó wa wá, torí náà ohun tí mò ń fojú rí ni mo fẹ́ sọ.

Àríwá Párís ni ìlú náà wà, ó fara kan Párís pátápátá, tẹ́ ẹ bá ti kọjá Porte de la Chapelle báyìí ẹ ti wọ La Plaine nìyẹn, La Plaine sì wà lára Saint-Denis. Ìlú kékeré kọ́ o. Ní oṣù kìíní ọdún 2025 ni wọ́n so ó pọ̀ mọ́ Pierrefitte tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀, àwọn èèyàn ibẹ̀ wá tó nǹkan bíi 150,000, ní gbogbo agbègbè Párís yìí kò sí ìlú tó tún pọ̀ tó o àfi Párís fúnra ẹ̀. 93 tí mo kọ sẹ́yìn orúkọ mi, nọ́ńbà ìpínlẹ̀ wa ni, Seine-Saint-Denis, òun ni ìpínlẹ̀ tó tálákà jù lórí ilẹ̀ Faransé tí ẹ bá yọ àwọn erékùṣù wọn òkè òkun kúrò. Mi ò ní fi ìyẹn pamọ́ fún yín.

Ẹ wá jẹ́ n sọ ti ọjà, torí ibẹ̀ ni ìlú yìí ti dùn jù. Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ọjọ́ Ẹtì àti ọjọ́ Àìkú ni wọ́n ń ná an. Ilé ọjà kan wà tí wọ́n kọ́ ní 1893, inú ẹ̀ ni àwọn alẹ́ran, ẹlẹ́ja àti oníwàràkàṣì wà, ìta ni àwọn aláṣọ, oníkòkò àti onífóònù pàtẹ sí títí dé iwájú ṣọ́ọ̀ṣì. Lọ́jọ́ Àìkú, tẹ́ ẹ bá dé ẹnu ọ̀nà, òórùn ewé míńtì lẹ ó kọ́kọ́ gbọ́, àwọn ará Algeria àti Morocco dì í ní ìdì ìdì, wọ́n to ó jọ gègèrè, ólífì wà nínú abọ́ ńláńlá lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀, dúdú lọ́tọ̀, èyí tí wọ́n fi ata sí lọ́tọ̀, ìyá tó ń tà á á sì fi ṣíbí bu kan fún yín kẹ́ ẹ tọ́ ọ wò kẹ́ ẹ tó sọ iye tẹ́ ẹ fẹ́. Àwọn Pọtogí ń ta ẹja oníyọ̀ tó gbẹ gan-an bíi pákó. Bó bá kù díẹ̀ kí ọjà tú, nǹkan bí aago kan ọ̀sán, wọ́n á bẹ̀rẹ̀ sí í kígbe pé abọ́ kan yúrò kan, ìgbà yẹn ni kí àbúrò yín máa lọ ra èso àti tòmátì. Ọ̀gẹ̀dẹ̀ àti ẹ̀gẹ́ wà, ṣùgbọ́n tó bá jẹ́ iṣu gidi, gaàrí àti ẹ̀gúsí ló fẹ́, kó wọ RER D, ọkọ̀ ojú irin tó ń so Párís pọ̀ mọ́ àwọn ìlú ìtòsí ẹ̀, lọ sí Gare du Nord, kó wá wọ laini 4 ti mẹ́trò, ibùdókọ̀ méjì péré ló máa fi dé àdúgbò Château Rouge nínú Párís. Ibẹ̀ ló ti máa rí gbogbo ẹ̀.

Iléèwé ẹ̀ ńkọ́? Ibi tí laini 13 ti mẹ́trò parí sí ní Saint-Denis, ẹnu géètì Paris 8 ni. Látìgbà tí wọ́n ti ṣí ibùdókọ̀ yẹn ní 1998 ọ̀rọ̀ ti rọrùn. Laini 13 máa ń kún láàárọ̀ débi pé àwọn kan á jẹ́ kí ọkọ̀ méjì kọjá kí wọ́n tó rí ibi gbé ẹsẹ̀ lé, ṣùgbọ́n lọ́dún 2024, kí eré Òlíḿpíìkì tó bẹ̀rẹ̀, wọ́n fa laini 14 dé Saint-Denis Pleyel, òun yá, kò sí dírẹ́bà nínú ẹ̀, ó sì ń lọ tààrà títí dé pápákọ̀ òfurufú Orly.

Arókìn_Ìṣeyìn

Ẹ ṣé ọmọ Kétu. Àǹtí, ẹ jẹ́ kí n bá yín mú ẹgbẹ́ ìtàn dání, torí ó máa ń dùn mí tí wọ́n bá dárúkọ Saint-Denis tó jẹ́ kìkì ọ̀rọ̀ olè àti ọlọ́pàá ló ń jáde lẹ́nu èèyàn, ìlú tí àwọn ọba ilẹ̀ Faransé fi sílẹ̀ fún oorun ìkẹyìn wọn!

Orúkọ ìlú náà, orúkọ èèyàn ni. Denis ni bíṣọ́ọ̀bù àkọ́kọ́ ní Párís, nǹkan bí ọdún 250 lẹ́yìn ìbí Olúwa wa ni àwọn ará Róòmù bẹ́ ẹ lórí. Ìtàn àwọn onígbàgbọ́ sọ pé òkè Montmartre ni wọ́n ti bẹ́ ẹ, pé ó sì bẹ̀rẹ̀ ó gbé orí ara ẹ̀ dání, ó ń rìn lọ títí ó fi dé ibi tí wọ́n sin ín sí. Ìdí nìyẹn tí gbogbo ère ẹ̀ tẹ́ ẹ bá rí ní ilẹ̀ Faransé fi ń gbé orí lọ́wọ́. Orí ibojì yẹn ni wọ́n kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì sí, àwọn mọ́ńkì tẹ̀dó tì í, ọba Dagobert tó wàjà ní 639 ní kí wọ́n sin òun síbẹ̀, àwọn ọba tó jẹ lẹ́yìn ẹ̀ ń tẹ̀ lé e lọ́kọ̀ọ̀kan títí wọ́n fi pé ọba 42 àti olorì 32. Bí Bàrà ṣe jẹ́ fún àwọn Aláàfin àtijọ́ ni ibẹ̀ ṣe jẹ́ fún wọn. Pópù fúnra ẹ̀ ti Róòmù wá síbẹ̀ ní 754 wá ta òróró sórí ọba Pépin. Ní 1593, Henri kẹrin tó jẹ́ Pùròtẹ́sítáǹtì, inú ṣọ́ọ̀ṣì yẹn ló ti kọ ẹ̀sìn ẹ̀ sílẹ̀ tó di Kátólíìkì kí Párís lè gbà á lọ́ba.

Iṣẹ́ ọwọ́ ilé náà wá ńkọ́? Olórí àwọn mọ́ńkì kan wà tó ń jẹ́ Suger, òun ló tún ṣọ́ọ̀ṣì náà kọ́, wọ́n ya apá ẹ̀yìn ẹ̀ sí mímọ́ ní June 1144. Ṣáájú ìgbà yẹn, ògiri ṣọ́ọ̀ṣì máa ń nípọn, fèrèsé á kéré, inú á ṣókùnkùn, torí ògiri ló ń ru òrùlé. Àwọn òṣìṣẹ́ Suger wá fi òpó tẹ́ẹ́rẹ́ àti òkúta tí wọ́n tẹ̀, tó ṣẹnu ṣóńṣó lókè, gbé ẹrù òrùlé yẹn, àyè wá sí lára ògiri láti fi gíláàsì aláwọ̀ mèremère sí, ìmọ́lẹ̀ wọlé. Gbogbo ṣọ́ọ̀ṣì ńláńlá tí wọ́n ń pè ní Gothic, Notre-Dame tí gbogbo ayé mọ̀ náà wà níbẹ̀, ẹ̀yìn Saint-Denis ni wọ́n tò sí.

Àbúrò yín gbọ́dọ̀ wọlé lọ wo àwọn ibojì yẹn. Wọ́n gbẹ́ àwọn ọba àti olorì sórí òkúta, wọ́n dùbúlẹ̀ bí ẹni sùn, kìnnìún wà lẹ́sẹ̀ ọkùnrin, ajá wà lẹ́sẹ̀ obìnrin. Ti Louis kejìlá àti Anne ìyàwó ẹ̀ ló yà mí lẹ́nu jù. Lókè, wọ́n kúnlẹ̀ wọ́n ń gbàdúrà, ọ̀ṣọ́ wà lára wọn. Nísàlẹ̀, òkú wọn ni wọ́n gbẹ́, ìhòòhò, ẹnu là sílẹ̀, tẹ́ ẹ bá sì sún mọ́ ikùn wọn dáadáa ẹ máa rí ibi tí wọ́n ti fi okùn rán an lẹ́yìn tí wọ́n kó ìfun jáde láti fi òògùn tọ́jú òkú. Ẹni tó gbẹ́ ẹ ò fi nǹkan kan pamọ́.

Ní 1793, nígbà tí àwọn ará ìlú ti dojú ìjọba ọba bolẹ̀, wọ́n hú gbogbo wọn, wọ́n da egungun ọba, olorì, ọmọ ọba pọ̀ sínú kòtò. Ní 1817 ni Louis kejìdínlógún ní kí wọ́n kó o padà wọlé, ta ló wá lè sọ pé ti lágbájá nìyí? Ibì kan náà ni wọ́n kó gbogbo ẹ̀ sí. Ọkàn ọmọ Louis kẹrìndínlógún, ọmọ ọdún mẹ́wàá tó kú sí ẹ̀wọ̀n ní 1795, ẹnì kan mú un pamọ́ nígbà yẹn, lẹ́yìn tí wọ́n fi DNA ẹ̀ wé ti ìdílé ìyá ẹ̀ ni wọ́n tó gbé e wá síbẹ̀ ní 2004, nínú ìgò kékeré kan ló wà.

Dèjì_Peckham

Ìtàn dáa o, ṣùgbọ́n egungun ọba ò lè sin ọmọ délé lálẹ́. Mo ti ṣiṣẹ́ lápá ibẹ̀ rí kí n tó wá sí London. Wọ́n já fóònù gbà lọ́wọ́ mi lẹ́nu ọ̀nà mẹ́trò lójú mọmọ, ìlẹ̀kùn ọkọ̀ ń pa dé lọ, ọmọ náà bẹ́ jáde. Lẹ́bàá gárè, ìyẹn ibùdókọ̀ rélùwéè, àwọn tó ń ta sìgá láìsanwó orí dúró sí gbogbo igun. Ẹ má gbàgbé November 2015 náà, àwọn tó so bọ́ǹbù mọ́ra dé ẹnu géètì Stade de France nígbà tí Faransé àti Jámánì ń gbá bọ́ọ̀lù lọ́wọ́, ọjọ́ karùn-ún ẹ̀ ni ọlọ́pàá yìnbọn fún wákàtí púpọ̀ nínú ilé kan láàárín ìlú náà. Kó lọ wá ilé sí Créteil tàbí ibòmíì, kó máa wọkọ̀.

ỌmọKétu_93

Ẹ̀gbọ́n Dèjì, ẹ kú ewu fóònù. Mi ò ní sọ pé irọ́ lẹ pa, ó ń ṣẹlẹ̀, èmi náà kì í yọ fóònù lẹ́nu ilẹ̀kùn ọkọ̀. Àmọ́ ọ̀rọ̀ 2015 yẹn, àwọn ará Saint-Denis ló jìyà ẹ̀. Àwọn tó ń gbé ilé tí ọlọ́pàá yìnbọn sí yẹn ní rue du Corbillon, òṣìṣẹ́ lásán ni ọ̀pọ̀ nínú wọn, ògiri bà jẹ́, wọ́n kó wọn jáde, wọn ò padà sílé wọn mọ́, ó sì pẹ́ gan-an kí àwọn kan nínú wọn tó rí ilé gbà. Ìyẹn ò jáde lórí tẹlifíṣọ̀n tó bọ́ǹbù.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ìdí tí ìlú yìí fi tálákà, torí kò ṣàdédé rí bẹ́ẹ̀. Wọ́n gbẹ́ odò gba ibẹ̀ ní 1821 kí ọkọ̀ ojú omi lè kẹ́rù, rélùwéè tẹ̀ lé e, ilẹ̀ sì wà nílẹ̀ rẹpẹtẹ ní La Plaine. Bí ilé iṣẹ́ ṣe dé nìyẹn o, gáàsì, irin, kẹ́míkà, Christofle tó ń fi fàdákà ṣe ṣíbí olówó ńlá, Pleyel tó ń ṣe píánò, òun ni ibùdókọ̀ laini 14 ń jẹ́ orúkọ ẹ̀ títí dòní. Ta ló ṣe iṣẹ́ yẹn? Àwọn ará Bretagne, apá ìwọ̀ oòrùn ilẹ̀ Faransé, ló kọ́kọ́ dé láti abúlé wọn, wọn ò gbọ́ Faransé dáadáa, àwọn ará Párís ń fojú tín-ín-rín wọn. Àwọn ará Ítálì tẹ̀ lé wọn, àwọn ará Sípéènì pọ̀ débi pé àdúgbò kan ní La Plaine ń jẹ́ Petite Espagne. Lẹ́yìn ogun Hitler, àwọn ará Algeria àti Pọtogí dé, kò sílé, wọ́n kan páànù àti pákó mọ́ra ní Franc-Moisin nínú ẹrọ̀fọ̀, ibẹ̀ ni wọ́n ti bímọ, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń jí lọ síbi iṣẹ́. Àwọn ilé gíga tí wọ́n ń pè ní cité tẹ́ ẹ̀ ń rí níbẹ̀ lónìí, òun ni wọ́n kọ́ dípò páànù yẹn. Àwọn ará Málì àti Senegal dé, lẹ́yìn náà ni àwọn bàbá tiwa. Kọ́múníìsì ló wà nípò olórí ìlú láti 1944 títí di 2020, torí ìlú òṣìṣẹ́ ni.

Bó ṣe di àárín ọdún 1970 sókè, ilé iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í pa dé lọ́kọ̀ọ̀kan, òṣìṣẹ́ ò sì lè pa dé bíi ti ilé iṣẹ́, wọ́n wà níbẹ̀ pẹ̀lú ọmọ wọn. Ìjọba tiẹ̀ ti gba àárín ilé àwọn ará La Plaine la títì ńlá A1 kọjá ní bíi 1965, ariwo mọ́tò tọ̀sán tòru, 1998 ni wọ́n tó bò ó lórí tí wọ́n fi ọgbà sí i, ọdún tí àlejò fẹ́ wá wo bọ́ọ̀lù. Stade de France fúnra ẹ̀, orí ilẹ̀ ilé iṣẹ́ gáàsì àtijọ́ ni wọ́n kọ́ ọ sí.

Nígbà Òlíḿpíìkì 2024 wọ́n kọ́ adágún ìwẹ̀ ńlá kan síwájú pápá yẹn, wọ́n fi afárá ẹlẹ́sẹ̀ so méjèèjì pọ̀ lórí A1. Inú mi dùn sí ìyẹn gan-an, torí àwọn ọmọ tó dàgbà níbí tí wọn ò mọ̀ ọ́n wẹ̀ pọ̀. Abúlé àwọn eléré ìdárayá di ilé àti ọ́fíìsì. Ohun tó ń bà mí lẹ́rù ni pé àwọn tó ń ra ilé níbẹ̀ kì í ṣe àwa. Ìyá tó ń ta ólífì lọ́jà ò lè ra ibẹ̀. Tí ìlú bá wá dáa tán tí wọ́n fi owó ilé lé àwọn tó gbé e ró lọ, èrè kí la jẹ?

Ti alẹ́ tẹ́ ẹ bèèrè, Àǹtí: láti Paris 8 sí àwọn òpópónà tó yí i ká, akẹ́kọ̀ọ́ ń rìn títí ilẹ̀ fi ṣú dáadáa. Kó ṣọ́ra lápá gárè tó bá ti pẹ́, kó fi fóònù sápò, kó má dá dúró bá ẹnikẹ́ni dúnàá-dúrà sìgá.

Àbẹ̀kẹ́_Mọ́kọ́lá

Ẹ ṣeun púpọ̀, ẹ ṣeun Bàbá Arókìn, mo ka tiyín fún Màámi, ó ní kí n bi yín bóyá wọ́n ṣì ń jọ́sìn nínú ṣọ́ọ̀ṣì yẹn àbí wọ́n ti sọ ọ́ di ibi ìran. Bọ̀dá Dèjì náà, ẹ ṣé, mo gbọ́. Ó ku ọ̀rọ̀ ilé. Ajẹ́ǹtì kan ní kí ó fi owó ránṣẹ́ kó tó dé, ó ní àwọn èèyàn ń du yàrá náà.

Ìyá_Ìbejì_Aubervilliers

Háà, kó má fi kọ́bọ̀ kan ránṣẹ́ o! Aubervilliers lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn ni mò ń gbé, mo ti rí ọmọ tó sanwó yàrá láti ilé tó dé tí kò bá ilé kankan. Ẹni tó bá ní ilé lóòótọ́ á jẹ́ kí ẹnì kan wá wò ó, á sì ṣe ìwé.

Kó kọ́kọ́ kọ̀wé sí CROUS, àwọn ló ń bójú tó ilé akẹ́kọ̀ọ́ ìjọba, owó wọn kéré ṣùgbọ́n ó máa ń tètè kún, torí náà kó má fi falẹ̀. Tó bá jẹ́ ti aládàáni, wọ́n á béèrè onídùúró tó ń ṣiṣẹ́ ní Faransé, ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ọmọ wa máa ń há sí. Kó wá Visale lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ọ̀fẹ́ ni, àwọn ni wọ́n máa ń dúró fún ọ̀dọ́ tí kò ní ẹnì kan níbí, ṣùgbọ́n kó gba ìwé ẹ̀ kó tó fọwọ́ sí àdéhùn ilé. Ẹ tún sọ fún un pé láti 2021 ni òfin ti wà ní Saint-Denis àti àwọn ìlú tó yí i ká pé owó ilé ò gbọ́dọ̀ kọjá iye kan, ó máa ń wà nínú ìwé àdéhùn, loyer de référence ni wọ́n ń kọ síbẹ̀. Lándílọ́ọ̀dù tó bá kọjá ẹ̀, ó lè bá a fà á.

Ẹ bá mi sọ fún Màámi pé wọ́n ń jọ́sìn níbẹ̀ o, ó ti di katidírà láti 1966, bíṣọ́ọ̀bù wà níbẹ̀, máàsì ń lọ lọ́jọ́ Àìkú nígbà tí ọjà ń hó lọ́wọ́ níta. Èèyàn ò ní sanwó tó bá fẹ́ wọlé gbàdúrà, apá ibojì àwọn ọba ni wọ́n ń gbowó sí, tó bá sì ti ní ìwé ìgbélùú tí kò tíì pé ọmọ ọdún 26, ọ̀fẹ́ nìyẹn náà. Ilé ìṣọ́ apá àríwá tí wọ́n tú palẹ̀ láti bíi 1846 torí ìjì ti bà á jẹ́, wọ́n ti ń tún un kọ́ báyìí, àwọn agbẹ́kùúta ń gbẹ́ ẹ lójútáyé, àwọn ọmọ iléèwé ń wá wò wọ́n.

Tó bá ti rí yàrá kan tó wù ú, ẹ kọ orúkọ òpópónà ẹ̀ nìkan síbí, ẹ má kọ nọ́ńbà ilé. Nínú àwa tá a mọ ibẹ̀, ẹnì kan á gba ibẹ̀ kọjá lálẹ́, á sì wá sọ bó ṣe rí fún yín.